André Le Nôtre, Ọ̀gá Nínú Iṣẹ́ Ọgbà

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní kékeré ni a ti ń pa ẹ̀ka ìrókò; bí ó bá dàgbà tán, apá kì í ká a mọ́. Ọ̀rọ̀ ọmọ títọ́ ni a sábà máa ń fi òwe yìí sọ, ṣùgbọ́n kò sí ẹni tí òtítọ́ inú rẹ̀ yé tó ẹni tí igi rírẹ́ jẹ́ iṣẹ́ òòjọ́ rẹ̀. Ní Omole, nítòsí Ọ̀gbà àti Òjòdú, níbi tí àwọn ilé-iṣẹ́ ńláńlá agbègbè Ìkẹjà àti Agége kò jìnnà sí ilé gbígbé, a máa ń rí igi ọgbà tí a rẹ́ dọ́gba bí ògiri lẹ́nu ọ̀nà àwọn ilé. A gé àwọn mìíràn róbótó bí bọ́ọ̀lù, a sì gé òmíràn ṣóńṣó bí òkìtì ọ̀gán. Ẹni tí ń kọjá lọ lè rò pé eré ọwọ́ lásán ni. Kì í ṣe eré rárá. Iṣẹ́ ọnà ni, ó ti pẹ́ láyé, ó sì ní àwọn akọni tirẹ̀.

Àwọn ará Róòmù àtijọ́ mọ iṣẹ́ yìí dáadáa. Pliny Àgbà, ọ̀kan nínú àwọn ọ̀mọ̀wé wọn, kọ ọ́ sílẹ̀ pé Gaius Matius, ọ̀rẹ́ ọba Augustus, ni ó kọ́kọ́ dá àṣà igi gígé sí oríṣiríṣi àwòrán sílẹ̀ láàárín wọn. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó gbé iṣẹ́ ọgbà ga tó bẹ́ẹ̀ tí àwọn ọba Yúróòpù fi ń du àti ní irú rẹ̀ ni André Le Nôtre, ọmọ ilẹ̀ Faransé. Ọmọ olùtọ́jú ọgbà ni, olùtọ́jú ọgbà ni ó sì jẹ́ títí ọjọ́ alẹ́ rẹ̀.

Ní ọjọ́ kejìlá oṣù kẹta ọdún 1613 ni a bí Le Nôtre ní ìlú Páríìsì. Jean Le Nôtre ni orúkọ baba rẹ̀. Iṣẹ́ baba yìí ni láti máa tọ́jú ọgbà ọba tí ń jẹ́ Tuileries, bẹ́ẹ̀ ni Pierre Le Nôtre, baba baba rẹ̀, ti ṣe ṣáájú. Inú ọgbà yìí kan náà ni ilé wọn wà. Bí ọmọ alágbẹ̀dẹ ṣe ń gbọ́ ìró owú láti orí ẹní ìkókó, bẹ́ẹ̀ ni André ṣe dàgbà láàárín igi, òdòdó àti ìró àlùmọ́gàjí. Kò sí ẹni tí yóò yà lẹ́nu pé irú ọmọ bẹ́ẹ̀ mọ ọwọ́ iṣẹ́ baba rẹ̀.

Ohun tí ó yani lẹ́nu ni pé baba rẹ̀ kò rò pé ọwọ́ nìkan tó. Nígbà tí André di ọ̀dọ́mọkùnrin, a mú un lọ sí ọ̀dọ̀ Simon Vouet, ẹni tí ó jẹ́ ayàwòrán ọba, kí ó lè kọ́ àwòrán yíyà. Ọdún bíi mẹ́fà ni ó lò níbẹ̀. Ibẹ̀ ni ó ti pàdé Charles Le Brun, ẹni tí òun náà di ayàwòrán ńlá lẹ́yìnwá ọ̀la, tí àwọn méjèèjì sì jọ ṣiṣẹ́ pọ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún. Le Nôtre kọ́ nípa ìlà àti igun, ó kọ́ bí a ti ń wọn ilẹ̀, ó sì kọ́ bí ohun tí ó jìnnà ṣe ń kéré lójú ẹni tí ń wò ó. Ó kọ́ nípa ilé kíkọ́ pẹ̀lú. Nígbà tí ó padà sí ìdí ọkọ́ àti àlùmọ́gàjí, ojú rẹ̀ ti yàtọ̀ sí ojú àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀. Níbi tí ẹlòmíràn ti ń rí ewé àti iyẹ̀pẹ̀, òun ń rí àwòrán ńlá kan tí a kò tíì yà tán.

Ní ọdún 1635 ni ó wọ iṣẹ́ Gaston, àbúrò ọba. Ní ọdún 1637 ni ó gba ìwé àṣẹ pé òun ni yóò rọ́pò baba òun ní Tuileries. Ní ọdún 1640, ó fẹ́ ìyàwó, Françoise Langlois. Ọmọ mẹ́ta ni wọ́n bí, ṣùgbọ́n ikú mú àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ní kékeré. Ìbànújẹ́ ńlá ni èyí jẹ́ fún ìdílé tí iṣẹ́ kan náà ti ń ti ọwọ́ baba bọ́ sí ọwọ́ ọmọ láti ìran dé ìran. Le Nôtre kò ní ọmọ tí yóò fi àlùmọ́gàjí rẹ̀ lé lọ́wọ́. Síbẹ̀ kò jẹ́ kí ìbànújẹ́ yìí sọ ọ́ di òǹrorò ènìyàn. Gbogbo ìtàn nípa rẹ̀ ni ó fohùn ṣọ̀kan pé onínúure ni, ẹlẹ́rìn-ín sì ni.

Ó ti lé ní ẹni ogójì ọdún kí òkìkí rẹ̀ tó kàn. Nicolas Fouquet, ẹni tí ń ṣe àbójútó ìṣúra ọba, fẹ́ kọ́ ilé ńlá kan sí Vaux-le-Vicomte, ní ìhà gúúsù ìlà-oòrùn Páríìsì. Ó pe àwọn mẹ́ta tí kò sí irú wọn: Louis Le Vau kọ́ ilé náà, Charles Le Brun ṣe iṣẹ́ ọnà inú rẹ̀, Le Nôtre sì ṣe ọgbà rẹ̀. Láti ọdún 1656 títí di ọdún 1661 ni wọ́n fi ṣe é. Níbẹ̀ ni Le Nôtre ti fi hàn pé ẹ̀kọ́ tí òun kọ́ lọ́dọ̀ ayàwòrán kò já sí asán. Bí ènìyàn bá dúró lẹ́nu ọ̀nà ilé náà, yóò rò pé òun rí gbogbo ọgbà náà tán ní ìwò kan. Bí ó bá wá ń rìn lọ, yóò ṣàdédé bá ara rẹ̀ létí ipa odò kan tí a fi ọwọ́ gbẹ́, tí gígùn rẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ tó kìlómítà kan, èyí tí kò rí rárá nígbà tí ó dúró lókè. Le Nôtre mú kí àwọn adágún omi tí ó jìnnà tóbi ju àwọn tí ó wà nítòsí lọ, kí wọ́n lè dọ́gba lójú ẹni tí ń wò wọ́n láti inú ilé.

Igi gígé ni ó so gbogbo rẹ̀ pọ̀, ọ̀nà tí wọ́n sì ń gbà ṣe é nìyí. Igi kan tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì ń pè ní yew ni wọ́n fẹ́ràn jù fún gígé sí oríṣiríṣi àwòrán. Ewé rẹ̀ wẹ́wẹ́, ó ṣù mọ́ra, kì í wọ́wé nígbà òtútù, bí a bá sì gé e, a máa tún rúwé láti ara ẹ̀ka àtijọ́. Igi kékeré mìíràn wà tí kì í yára ga, tí wọ́n ń pè ní box. Èyí ni wọ́n fi ń ṣe ọnà sórí ilẹ̀ pẹrẹsẹ, tí yóò dà bí ẹni pé a tẹ́ aṣọ olówó iyebíye síta. Àwọn òṣìṣẹ́ a máa ta okùn láti èèkàn dé èèkàn kí ìlà má bàa wọ́. Wọ́n a máa fi pákó ṣe àwòṣe, wọ́n a gbé e ti igi náà, ohunkóhun tí ó bá yọ síta àwòṣe yìí ni àlùmọ́gàjí yóò gé. Igi náà kì í di ohun tí a fẹ́ ní ọdún kan. A ó rẹ́ ẹ díẹ̀ lọ́dún yìí, a ó rẹ́ ẹ díẹ̀ lọ́dún tí ń bọ̀, ọ̀pọ̀ ọdún yóò sì kọjá kí ó tó gún régé.

Ní Èkó, ọ̀sẹ̀ díẹ̀ nínú àkókò òjò ti tó fún igi ọgbà láti yọ ọ̀mùnú kúrò ní ìlà tí a gé e sí, kí ẹni tí ó rẹ́ ẹ sì tún padà wá. Ní ilẹ̀ Faransé, òtútù kì í jẹ́ kí igi yára dàgbà. Ẹ̀ẹ̀kan tàbí ẹ̀ẹ̀mejì lọ́dún ti tó fún ọ̀pọ̀ igi. Ṣùgbọ́n òfin kan náà ni ó de ibi méjèèjì. Ọmọlé lè kọ́ ilé tán kí ó bá tirẹ̀ lọ, ayàwòrán lè ya àwòrán tán kí ó gbé e kọ́ sára ògiri. Iṣẹ́ olùtọ́jú ọgbà kì í tán. Ọjọ́ tí ó bá dáwọ́ dúró ni igbó yóò bẹ̀rẹ̀ sí gba iṣẹ́ rẹ̀ lọ́wọ́ rẹ̀.

Ní ọjọ́ kẹtàdínlógún oṣù kẹjọ ọdún 1661, Fouquet se àsè ńlá fún ọba ní ilé tuntun náà. Louis Kẹrìnlá ni ọba nígbà náà, kò sì tíì pé ọmọ ọdún 23. Oúnjẹ pọ̀, eré pọ̀, iná aláràbarà sì tàn ní ojú ọ̀run. Ṣùgbọ́n bí ọba ṣe ń wo ẹwà ọgbà náà ni inú rẹ̀ ń ru. Ó ti ń fura tẹ́lẹ̀ pé Fouquet ń fi owó ìlú ṣe ara rẹ̀ lọ́ṣọ̀ọ́, ọlá tí ó rí ní ọjọ́ náà sì dà bí epo tí a dà sí iná. Kò pé ogún ọjọ́ lẹ́yìn àsè yìí tí a fi mú Fouquet. Àwọn onídàájọ́ ní kí a lé e kúrò nílùú, ọba ni ó sọ ọ́ di ẹ̀wọ̀n gbére. Inú ẹ̀wọ̀n ni Fouquet kú sí ní ọdún 1680.

Nígbà tí igi ńlá bá wó, a máa wó lu àwọn igi kéékèèké abẹ́ rẹ̀. Ó ṣeé ṣe kí ìṣubú Fouquet mú Le Nôtre lọ pẹ̀lú. Ṣùgbọ́n ohun tí ọba fẹ́ pa run kọ́ ni ẹwà ọgbà náà. Ó fẹ́ kí ó di tòun. Ó ní kí a hú àwọn igi ọsàn Fouquet, kí a kó ọ̀pọ̀ ère inú ọgbà rẹ̀, ó sì kó àwọn òṣìṣẹ́ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta sí iṣẹ́ ara rẹ̀. Ìmọ̀ tí ó wà ní orí àti ọwọ́ Le Nôtre ni ó yọ ọ́. Olówó ṣubú, ọ̀mọ̀ṣẹ́ dúró.

Versailles ni ọba mú wọn lọ. Ilé ìdẹ̀gbẹ́ kékeré kan ni baba ọba kọ́ síbẹ̀, àbàtà ni ó sì pọ̀ jù ní àyíká rẹ̀. Láti nǹkan bí ọdún 1662 ni Le Nôtre ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ níbẹ̀, kò sì kúrò nídìí rẹ̀ fún nǹkan bí ọgbọ̀n ọdún. A bu ilẹ̀ níhìn-ín, a kún ilẹ̀ lọ́hùn-ún. A gbẹ́ ipa odò ńlá kan, láti ọdún 1668 sí ọdún 1679, èyí tí gígùn rẹ̀ lé ní kìlómítà kan àtààbọ̀. Nígbà tí ọba kò fẹ́ dúró de igi kéékèèké kí wọ́n dàgbà, a hú igi ńláńlá nínú àwọn igbó ọ̀nà jíjìn, a sì fi kẹ̀kẹ́ wọ́ wọn wá. Púpọ̀ nínú wọn kú. A tún wọ́ òmíràn wá. Ọba lè pàṣẹ fún ọmọ-ogun, ó lè pàṣẹ fún ìjòyè, ṣùgbọ́n igi kì í gbọ́ àṣẹ ọba.

Omi pẹ̀lú kò gbọ́. Ọba fẹ́ kí omi máa tú sókè ní ibi gbogbo nínú ọgbà náà, ṣùgbọ́n omi Versailles kò tó nǹkan. Ó di dandan kí àwọn òṣìṣẹ́ máa ṣọ́ ìrìn ọba. Bí ó bá ti ń sún mọ́ ibi kan, wọn a súfèé sí ara wọn kí a lè ṣí omi ibẹ̀, bí ó bá sì ti kọjá, wọn a tì í. Nígbà tí ó yá, àwọn onímọ̀ ẹ̀rọ kọ́ ẹ̀rọ ńlá kan sí etí odò Seine ní Marly, tí ó ní àgbá kẹ̀kẹ́ 14, láti fa omi gun òkè. Nígbà tí ìyẹn kò tó, a kó ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọmọ-ogun jọ ní ọdún 1685 láti la ipa omi láti odò Eure. Ibà bẹ́ sílẹ̀ láàárín wọn, ọ̀pọ̀lọpọ̀ sì kú. Ogun dé ní ọdún 1688, a fi iṣẹ́ náà sílẹ̀, a kò sì parí rẹ̀ mọ́. Le Nôtre kọ́ ni ó gbèrò ipa omi náà, ṣùgbọ́n ọgbà tí ó ṣe ni òùngbẹ ń gbẹ. Ọ̀kan nínú àwọn ará ààfin kọ ọ́ sínú ìwé ìrántí rẹ̀ pé ènìyàn 36,000 ni ó ń ṣiṣẹ́ ní Versailles àti àyíká rẹ̀ ní ọdún 1685 yìí. Ẹni tí ó bá ń yin ẹwà Versailles, ó yẹ kí ó rántí àwọn tí a kò mọ orúkọ wọn wọ̀nyí.

Bí òkìkí Le Nôtre ti ń kàn tó, ìwà rẹ̀ kò yí padà. Ní ọdún 1675, ọba sọ ọ́ di ọlọ́lá, ó sì fẹ́ fún un ní àmì oyè tí àwọn ọlọ́lá máa ń ní. Ìtàn sọ pé Le Nôtre dá ọba lóhùn pẹ̀lú àwàdà pé òun ti ní àmì oyè tòun tẹ́lẹ̀: ìgbín mẹ́ta, pẹ̀lú orí kábéèjì kan tí yóò dé wọn ládé. Ẹ̀rín pa ọba. Ṣùgbọ́n nígbà tí a ya àmì oyè náà, ìgbín mẹ́ta wà níbẹ̀ ní tòótọ́. Ìgbín ni ọ̀tá olùtọ́jú ọgbà, òun ni ó sì ń jẹ ewé tí ó fi òógùn gbìn. Le Nôtre kò fẹ́ kí oyè mú òun gbàgbé ìdí iṣẹ́ òun. Nígbà tí ó lọ sí ilẹ̀ Ítálì ní ọdún 1679, Póòpù gbà á lálejò. Wọ́n ní bí inú rẹ̀ ti dùn tó, ńṣe ni ó dì mọ́ Póòpù. Àwọn tí ó mọ̀ ọ́n kò ka èyí sí ìwọ̀sí, nítorí bẹ́ẹ̀ ni ó ṣe máa ń ṣe sí ọba fúnra rẹ̀.

Versailles nìkan kọ́ ni ó ṣiṣẹ́ sí. Ó tún Tuileries, ọgbà tí a bí i sí, ṣe. Ọ̀nà tààrà tí ó là láti ibẹ̀ lọ sí ìhà ìwọ̀-oòrùn ni ó di òpópónà Champs-Élysées tí gbogbo ayé mọ̀ lónìí. Ó ṣe ọgbà Chantilly àti ti Sceaux. Ní Saint-Germain-en-Laye, ó ṣe pèpéle gígùn kan tí ó lé ní kìlómítà méjì, níbi tí ènìyàn lè dúró kí ó máa wo àfonífojì odò Seine. Ní ọdún 1662, ó ya àwòrán fún ọgbà ọba Gẹ̀ẹ́sì ní Greenwich, ní ìhà gúúsù ìlà-oòrùn Lọ́ńdọ̀nù, ní agbègbè tí ọ̀pọ̀ ọmọ Yorùbá ń gbé lóde òní.

Le Nôtre ti kó ọ̀pọ̀ àwòrán àti ère dáradára jọ ní ọjọ́ ayé rẹ̀. Ní ọdún 1693, nígbà tí ó pé ẹni ọgọ́rin ọdún, ó kó èyí tí ó dára jù nínú wọn, ó fi ta ọba lọ́rẹ. Díẹ̀ nínú wọn ṣì wà nínú ilé àkójọ ohun ìṣẹ̀ǹbáyé Louvre títí di òní. Ó fi iṣẹ́ sílẹ̀, ọba sì ń san owó ìfẹ̀yìntì fún un. Ní oṣù díẹ̀ kí ó tó kú, ọba pè é kí ó wá wo ọgbà Marly. Àgbà ti dé, ẹsẹ̀ rẹ̀ kò gbé e mọ́. Nítorí náà a gbé e sórí àga ẹlẹ́sẹ̀ kẹ̀kẹ́, a sì ń tì í lọ ní ẹ̀gbẹ́ àga ọba. Baba rẹ̀ ni ó rántí ní ọjọ́ náà. Ó ní ìbá yà á lẹ́nu láti rí ọmọ òun, olùtọ́jú ọgbà lásán, ní ẹ̀gbẹ́ ọba tí ó tóbi jù lọ láyé. Ní ọjọ́ kẹẹ̀ẹ́dógún oṣù kẹsàn-án ọdún 1700 ni Le Nôtre kú ní Páríìsì, ní ẹni ọdún 87. A sin ín sí ilé ìjọsìn Saint-Roch.

Kò kọ ìwé kan sílẹ̀ nípa iṣẹ́ rẹ̀. Lẹ́yìn ikú rẹ̀, àṣà ayé yí padà. Ní ọdún 1713, Alexander Pope, akéwì Gẹ̀ẹ́sì, fi igi tí a gé sí àwòrán ṣe yẹ̀yẹ́, láìpẹ́ ọ̀pọ̀ ọlọ́rọ̀ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì sì hú tiwọn dànù. Ìjì líle jà ní oṣù kejìlá ọdún 1999, ó sì wó nǹkan bí igi 10,000 ní Versailles. Síbẹ̀ ọgbà náà kò parun. A tún gbin òmíràn, a tún ta okùn, a tún gbé àwòṣe ti igi, àlùmọ́gàjí sì tún ń ró. Láti ọdún 1979 ni àjọ UNESCO ti ka ààfin àti ọgbà Versailles mọ́ ohun ìní gbogbo ayé.

Ẹ̀kọ́ pọ̀ nínú ìgbésí ayé ọkùnrin yìí. Kò sí iṣẹ́ tí ó kéré, bí ẹni tí ń ṣe é bá fi ìmọ̀ kún agbára. Ìwé kíkọ́ kò mú Le Nôtre kúrò nídìí iṣẹ́ ọwọ́. Ó padà sí i pẹ̀lú ojú tuntun. Èyí tí ó jinlẹ̀ jù ni pé ohun rere kò ṣeé fi ipá mú. Fouquet fẹ́ ọlá kíákíá, ó sì ṣubú. Ọba fẹ́ kí igi àti omi gbọ́ àṣẹ òun lọ́jọ́ kan, ẹ̀mí sì ṣòfò sí i. Olùtọ́jú ọgbà ni ó mọ̀ pé díẹ̀díẹ̀ ni a ń rẹ́ igi, pé a gbọ́dọ̀ padà wá lọ́dún tí ń bọ̀, àti pé ẹni tí ó bá ní sùúrù fún igi kékeré ni yóò jókòó sí abẹ́ igi ńlá tí ó gún régé.